Ipa Kékeré

Nígbà tí a bá fẹ́ ṣe eré ní ilé-ìwé, ọmọ tí yóò jẹ ọba kì í wọ́n wa. Aṣọ́nà ààfin ni a kì í tètè rí. Èrò àwọn ọmọ ni pé ẹni tí a fún ní gbólóhùn méjì péré láti sọ, a fi àbùkù kàn án ni. Ǹjẹ́ iṣẹ́ kékeré a máa bu ẹni kù bí? Ẹ jẹ́ kí a fi ìgbésí ayé òṣèré sinimá kan wo ọ̀rọ̀ yìí.

Harry Dean Stanton ni orúkọ rẹ̀. Ìpínlẹ̀ Kentucky ní Amẹ́ríkà ni a ti bí i ní ọdún 1926, ó sì kú ní 2017. Fún nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún, ipa kéékèèké ni ó pọ̀ jù nínú ohun tí a ń fún un. Ó ṣe ẹlẹ́wọ̀n nínú Cool Hand Luke (1967). Ó ṣe òṣìṣẹ́ inú ọkọ̀ òfuurufú nínú Alien (1979), níbi tí ẹranko abàmì ti pa á nígbà tí eré ṣì kù púpọ̀. Síbẹ̀ Roger Ebert, lámèyítọ́ sinimá, sọ ọ́ di òfin pé fíìmù tí Stanton bá ti kó ipa kékeré kò lè burú tán pátápátá. Ẹni ọdún 57 ni nígbà tí Paris, Texas, fíìmù Wim Wenders ará Jámánì, jáde ní 1984, tí ó sì gba ẹ̀bùn tí ó ga jù lọ ní Cannes. Òun ni olórí òṣèré níbẹ̀.

Àwọn kan yóò wí pé, ẹ ò rí i bí sùúrù ti lérè! Èmi kò fara mọ́ ẹ̀kọ́ yìí. Àwọn tí wọ́n ní sùúrù bí tirẹ̀ pọ̀, tí wọ́n kú láìjẹ́ pé a fún wọn ní ipò iwájú rí. Bí ó bá jẹ́ pé nítorí ọjọ́ ọ̀la nìkan ni ènìyàn fi ń ṣe iṣẹ́ kékeré dáradára, a jẹ́ pé òfò ni tiwọn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó sanwó wọlé wá wo eré kò mọ ohun tí òṣèré ń retí. Ohun tí a gbé ka iwájú rẹ̀ ni ó mọ̀. Bí aṣọ́nà bá dúró bí igi gbígbẹ, kò sí ẹni tí yóò gbà pé ààfin ni ó ń ṣọ́, ọba pàápàá yóò sì di ẹni ẹ̀sín. A kì í fi orúkọ iyọ̀ pe ọbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ se ọbẹ̀ láìfi iyọ̀ sí i, kí ẹ wo ẹni tí yóò jẹ ẹ́.

Lẹ́yìn òkìkí rẹ̀, Stanton kò kọ ipa kékeré. Nínú The Straight Story (1999), tí David Lynch ṣe, bàbá arúgbó kan gun ẹ̀rọ ìgékoríko láti Iowa dé Wisconsin, ìrìn nǹkan bí 240 máìlì, kí ó lè rí arákùnrin rẹ̀ tí àìsàn kọlù, tí wọ́n sì ti jọ bínú síra fún ọdún púpọ̀. Gbogbo ọ̀nà ni a kò rí arákùnrin náà. Ìgbà tí eré kù díẹ̀ kí ó parí ni Stanton tó jáde láti inú ilé, tí ó jókòó, tí ó wo ẹ̀rọ náà, tí ó wo arákùnrin rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ kò pọ̀. Omi lé ròrò sí ojú rẹ̀, àwọn arúgbó méjèèjì sì gbé ojú sókè wo ìràwọ̀.