Ẹnu Ẹlòmíràn, Orúkọ Ara Ẹni

Iṣẹ́ òṣèré ni kí ó máa sọ ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn. Ǹjẹ́ ó wá jẹ ayé ní gbèsè ọ̀rọ̀ tirẹ̀ bí? Ìbéèrè yìí kan Pavel Landovský, òṣèré ìlú Prague tí ó gbayì nínú fífi ara wé àwọn oníjàgídíjàgan àti aláriwo. Ó fọwọ́ sí Charter 77, ìwé tí ó rọ ìjọba Czechoslovakia láti mú àdéhùn rẹ̀ ṣẹ lórí ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn. Ní ọjọ́ 6 oṣù kìn-ín-ní ọdún 1977, àwọn ọlọ́pàá mú òun, Václav Havel àti Ludvík Vaculík nínú ọkọ̀ rẹ̀, bí wọ́n ti ń gbé ìwé náà lọ.

Ní ọjọ́ 28 oṣù náà, ìjọba pe àwọn òṣèré jọ sí Ilé Eré ti Orílẹ̀-èdè láti bu ẹnu àtẹ́ lu ìwé tí ọ̀pọ̀ wọn kò tilẹ̀ rí kà. Ẹ̀bi wọn kò rọrùn láti dá. Ọmọ ń bẹ nílé tí yóò jẹun. Ṣùgbọ́n lórí ìtàgé, gbogbo òǹwòran ló mọ̀ pé eré ni. Lọ́jọ́ náà, orúkọ ara wọn ni wọ́n fi gbe ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn lẹ́sẹ̀.

Landovský di ẹni tí ń gbé Austria. Ní Burgtheater, ní Vienna, èdè Jámánì ni ó fi ń ṣeré, títí ìjọba náà fi wó ní 1989, tí ó sì padà sílé.