Àlejò Lójú, Kò Fi Ríran

Àwọn àgbà ní àlejò lójú, ṣùgbọ́n kò fi ríran. Òwe yìí kò bú àlejò rárá; ó ń gbà á níyànjú kó wá ẹni tí yóò mú un mọ̀nà ni.

Ẹni tó bá ń lọ sí Applecross, ní ìwọ̀-oòrùn àríwá Skọ́tlándì, yóò rí bí òwe náà ti jinlẹ̀ tó. Orí òkè Bealach na Bà, tó ga ní mítà 626, ni títì kan tó lọ síbẹ̀ gbà kọjá. Kò gba ju ọkọ̀ kan lọ. Ó lọ́ kọ́lọkọ̀lọ, àyè sì wà níbi kọ̀ọ̀kan tí ọkọ̀ kan yóò yà sí kí èkejì tó kọjá. Pátákó ìsàlẹ̀ òkè kìlọ̀ fún ẹni tó ṣì ń kọ́ ọkọ̀ wíwà pé kó má dán an wò. Bọ́ọ̀sì kékeré àti awakọ̀ tó mọ ilẹ̀ ló yẹ ibẹ̀.

Amọ̀nà gidi kì í wa ọkọ̀ nìkan. Òun ni yóò sọ pé darandaran ló ń da màlúù gba orí òkè yìí lọ sọ́jà láyé àtijọ́, tí yóò sì na ọwọ́ sí erékùṣù Raasay àti Skye lójú òkun. Bí kùrukùru bá sì bo gbogbo rẹ̀ (ó sì máa ń bò ó), ìtàn ẹnu rẹ̀ nìkan ni ìran tó kù. Nínú ọkọ̀ elérò àádọ́ta, ta ni yóò gbọ́ ìbéèrè rẹ?

Ẹ̀yin tó ń rìnrìn àjò, ẹ má ṣe ahun sí owó amọ̀nà. Ẹ bi í nípa àwọn tó ń gbé ibẹ̀, kí ẹ tó ya fọ́tò.