Lẹbẹ Ni N Ó Fi Wúre

Ọmọ ọmọ mi, káàbọ̀. Ọjọ́ kẹjọ rẹ nílé ayé rèé. Omi tútù ti kàn ọ́ lórí, oyin ti kàn ọ́ lẹ́nu, àwọn àgbà sì ti fi méjèèjì ṣe àdúrà tó jinlẹ̀ fún ọ. Ó wá kan ẹja. Èmi ni wọ́n ní kí n fi ẹja wúre, nítorí wọ́n mọ̀ pé ọmọ ẹlẹ́ja ni mí. Ọjà Olúwo ní Ẹ̀pẹ́ ni ìyá tó bí mi ti pàtẹ ẹja títí tó fi rán mi níwèé. Ìwé ọ̀hún ló sọ mí di tíṣà, tí mo fi kọ́ àwọn ọmọ ọlọ́mọ nípa ohun ẹlẹ́mìí fún ọgbọ̀n ọdún.

Mo ní kí wọ́n má gbé ẹja gbígbẹ tó ti fi ìrù sẹ́nu wá. Ààyè ẹja àrọ̀ ni mo ní kí wọ́n rà. Òun ló wà nínú abọ́ omi yìí. Ẹ sún mọ́ ọn, ẹ̀yin òbí ọmọ, kí ẹ lè fi ojú rí ohun tí mo fẹ́ fi ẹnu pè.

Ọ̀pọ̀ ẹni tó bá ń fi ẹja wúre fọ́mọ nílẹ̀ wa, orí ẹja ni wọ́n máa ń pè. Wọ́n á ní orí ni ẹja fi ń la ibú, kí orí ọmọ náà là á já. Àdúrà rere ni, èmi náà ṣe àṣẹ sí i lórí àwọn ọmọ mi. Ṣùgbọ́n mo ti wo ẹja nínú omi pẹ́ ju kí n mú un mọ síbẹ̀ lọ. Orí mọ ibi tí à ń lọ. Lẹbẹ ló ń gbé ẹja débẹ̀. Lẹbẹ yìí kan náà ni ọ̀bẹ ìyá mi máa ń kọ́kọ́ gé dànù bó bá ń tún ẹja ṣe fún oníbàárà, kò sì sí ẹni tó ń bi í pé ibo ló kó o sí. Òun ni n ó fi wúre fún ọ lónìí.

Bí lẹbẹ ti ń bẹ omi tí omi ń yà fún un, kí ẹ̀bẹ̀ ẹnu rẹ máa lànà fún ọ. Àṣẹ.

Ìpẹ́ ẹja ni àwọn mìíràn fi ń wúre pé kí ọmọ pẹ́ láyé. Àrọ̀ yìí kò ní ìpẹ́ kankan lára, síbẹ̀ ó ń pẹ́ nínú ibú. Ohun tí ẹgbẹ́ rẹ bá ní tí ìwọ kò ní, kí àìní rẹ̀ má dá ẹ̀mí rẹ légbodò. Kí o pẹ́ bí àrọ̀ ti ń pẹ́ láìní ìpẹ́. Àṣẹ.

Ẹ wo ìrù rẹ̀. Kò là sí méjì bíi ti ẹja Títù. Ó rí róbótó bí abẹ̀bẹ̀. Bó bá fẹ́ lọ, ara rẹ̀ á ká kọrọ láti iwájú, ìká náà á máa sọ̀ kalẹ̀ lọ sẹ́yìn, á dé ìrù, ìrù á sì gbá omi dànù sẹ́yìn. Omi tó gbá sẹ́yìn yẹn ló ń tì í síwájú. Kò sí ohun mìíràn tó ń tì í. Ọmọ mi, ìrora tí ìyá rẹ jẹ kó tó rí ọ, òru tí bàbá rẹ kò fi sùn ní gbọ̀ngàn ilé ìwòsàn, kí gbogbo rẹ̀ di omi tí o gbá sẹ́yìn. Kí ohun tó ti kọjá lórí ìdílé yìí máa tì ọ́ síwájú. Àṣẹ.

Ẹ wá wo lẹbẹ gígùn tó gba gbogbo ẹ̀yìn rẹ̀ kan, láti ẹ̀yìn orí títí dé ìdí ìrù. Òmíràn tó gùn wà lábẹ́, láti ẹ̀yìn ikùn dé ìdí ìrù. Ohun tó mú mi dìde lónìí gan-an wà níbí, ẹ jọ̀wọ́ ẹ fara balẹ̀ gbọ́ ọ. Ara ọ̀pọ̀ ẹja kì í dúró déédéé fúnra rẹ̀ nínú omi. Ibi tí omi ti ń gbé e ró wà nísàlẹ̀ ibi tí ìwúwo rẹ̀ kóra jọ sí, nítorí náà ìgbà gbogbo ni ara náà ń fẹ́ dojú dé. Ìdí nìyẹn tí ẹja tó kú fi ń da ikùn sókè. Ààyè ẹja tí ẹ rí nínú abọ́ yìí, tí ẹ rò pé ó dúró jẹ́ẹ́, kò dúró jẹ́ẹ́ rárá. Ẹ tẹjú mọ́ etí lẹbẹ rẹ̀. Ó ń mì. Bí ara bá fẹ́ tẹ̀ sọ́tùn-ún, lẹbẹ á dá a padà. Bí orí bá fẹ́ rì, lẹbẹ á gbé e. Iṣẹ́ tó ń ṣe lọ́sàn-án lóru nìyẹn, láìsí ẹni tó ń kí i kú iṣẹ́.

Ọmọ mi, ọ̀pọ̀ ọjọ́ ni àwọn ènìyàn yóò wò ọ́ tí wọn yóò ní ara rẹ balẹ̀, tí wọn kò ní mọ iye ìgbà tí o ti tún ara rẹ ṣe láàárọ̀ ọjọ́ náà nìkan. Kí Olódùmarè mọ̀ ọ́n. Kí Ó kí ọ kú iṣẹ́ nígbà tí ẹnikẹ́ni kò bá kí ọ. Kí lẹbẹ ẹ̀yìn rẹ má sùn, kí ibú má dojú rẹ dé. Àṣẹ. Bí ó bá sì di ọjọ́ kan tó rẹ̀ ọ́, kí o rí ẹni tí yóò gbé ọ ró títí agbára rẹ yóò fi padà. Àṣẹ, àṣẹ.

Àwọn méjì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí, lẹbẹ àyà ni mo máa ń pè wọ́n fáwọn ọmọ kíláàsì mi. Bí ẹja bá na ti òsì nìkan, yóò yà sósì. Bó bá na méjèèjì lẹ́ẹ̀kan, ó ti dúró. Ìjánu rẹ̀ nìyẹn. Ẹ̀yin ará, a kì í gbàdúrà dídúró fún ọmọ tuntun. Lọ síwájú, lọ síwájú la ń wí ṣáá. Mo ti kọ́ ọmọ tí ìrù rẹ̀ lágbára ju ti gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ, tó mọ̀wé bí ẹni jẹ ẹ́, tí kò ní ohun tó fi lè dúró nígbà tí ọ̀nà bá kò ó lójú. Mo ti jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá irú ọmọ bẹ́ẹ̀, mi ò sì rí ọ̀rọ̀ sọ. Nítorí náà, ìwọ ọmọ yìí, kí o lè lọ, kí o sì lè dúró. Kí o rí ọ̀fìn kí o tó dé ẹnu rẹ̀. Kí o lè yà nígbà tí yíyà bá yẹ, kí ojú má tì ọ́ pé o yà. Àṣẹ.

Egungun àkọ́kọ́ nínú lẹbẹ àyà àrọ̀ le, ó mú bí ayùn. Bí wọ́n bá gbá a mú, á nà án síta gbọn-in, kò ní ká a. Àpá rẹ̀ wà lọ́wọ́ ọ̀tún ìyá mi títí tó fi wọlẹ̀. Ṣùgbọ́n ìjà nìkan kọ́ ló ń fi ẹ̀gún yẹn ṣe. Bí adágún bá ń gbẹ, tí òjò sì rọ̀ lóru tí ilẹ̀ tutù, àrọ̀ lè fi ẹ̀gún méjèèjì tẹlẹ̀, kó máa yí ara rẹ̀ lọ lórí ilẹ̀ títí yóò fi dé omi mìíràn, torí pé ó lè mí afẹ́fẹ́ bíi tiwa. Ọmọ mi, kí omi rẹ má gbẹ. Bí ó bá sì gbẹ lójú rẹ, bóyá nílé yìí ni tàbí ní ìlú tí a kò tíì mọ orúkọ rẹ̀, kí o ní ohun tí o ó fi tẹlẹ̀ dé omi mìíràn. Kí ohun tí o fi ń gba ara rẹ sílẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀tá di ohun tí o ó fi rìn. Àṣẹ.

Lẹbẹ abẹ́ ikùn kéré, n kò ní pẹ́ lórí rẹ̀. Ó ń bá ti àyà ṣiṣẹ́ kí ara má baà yí. Kí àwọn kékeré tí ẹnikẹ́ni kì í dárúkọ má kọ̀ ọ́ sílẹ̀. Àṣẹ.

Ọ̀bọ̀kún ní ọ̀kan sí i tí àrọ̀ yìí kò ní: lẹbẹ bíńtín láàárín ẹ̀yìn àti ìrù, kò ní egungun, ó rọ̀ bí ọ̀rá. Ẹja salmon òkè òkun náà ní in. Ní Amẹ́ríkà àti Kánádà, wọ́n a máa gé e kúrò lára salmon tí wọ́n fọwọ́ sìn, kí wọ́n lè fi mọ̀ ọ́n yàtọ̀ sí ti odò, nítorí ohun tí wọ́n gbà pé kò wúlò ni. Ní 2004, àwọn olùwádìí kan ní Kánádà yẹ ọ̀rọ̀ náà wò. Wọ́n rí i pé ọmọ ẹja tí wọ́n gé e lára rẹ̀ ní láti máa fi ìrù gbá omi fẹ̀ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ kó tó lè rìn bó ti ń rìn. Iṣẹ́ wà lọ́wọ́ bíńtín náà látọjọ́ yìí. Ọmọ mi, kí ẹnikẹ́ni má gé ohun tí kò mọ iṣẹ́ rẹ̀ kúrò lára rẹ. Kí tíṣà má gé e, kí òbí má gé e, kí èmi tí mo ń wúre yìí má fi ìmọ̀ mi gé e. Àṣẹ.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fún mi ní ọwọ́ ọmọ náà.

Ẹ wò ó. Ọwọ́ yìí ti jọ lẹbẹ rí. Nígbà tí oyún rẹ̀ wà ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kẹfà, ìka kò tíì yà níbẹ̀. Ó tẹ́ pẹrẹsẹ bí àjẹ̀ ọlọ́kọ̀. Kó tó di nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kẹjọ, awọ àárín ìka ti kú kúrò, ìka márùn-ún ti yọ. Egungun kan ló so mọ́ èjìká rẹ̀, méjì tẹ̀ lé e, wẹ́wẹ́ ọrùn ọwọ́ tẹ̀ lé ìyẹn, kó tó kan ìka. Bí a bá la lẹbẹ iwájú àbùùbùtán, bí egungun inú rẹ̀ ti tò náà nìyẹn, torí àbùùbùtán kì í ṣe ẹja: àwọn baba ńlá rẹ̀ fi ẹsẹ̀ rìn lórí ilẹ̀ kí wọ́n tó padà sómi. Ìdí nìyẹn tí ìrù rẹ̀ fi ń lọ sókè sódò, tí ti ẹja ń lọ sọ́tùn-ún sósì. Ní 2004 bákan náà, ní ìpẹ̀kun àríwá Kánádà, wọ́n hú egungun ẹja kan jáde nínú àpáta tó ti tó ọdún mílíọ̀nù 375. Lẹbẹ ni lóde. Nínú rẹ̀, egungun ọrùn ọwọ́ ti wà. Ìgbà tí wọ́n ti ń mú ọwọ́ rẹ bọ̀ nìyẹn, ọmọ mi. Kí o má fi ọwọ́ tó jìnnà tó báyìí ṣe ibi. Àṣẹ.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1938, ọkọ̀ apẹja kan gúnlẹ̀ sí èbúté East London ní Gúúsù Áfíríkà. Ọ̀dọ́mọbìnrin tó ń bójú tó ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé ìlú náà, Marjorie Courtenay-Latimer, lọ wo ohun tí wọ́n kó. Lẹbẹ kan ló rí, aláwọ̀ búlúù, tó yọ láàárín òkìtì ẹja. Ó kó òkìtì náà kúrò lórí rẹ̀. Coelacanth ló bá níbẹ̀, ẹja tí lẹbẹ rẹ̀ ní ẹran àti egungun bí apá, tí àwọn onímọ̀ ti gbà pé irú rẹ̀ ti tán láyé láti ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn. Lẹbẹ kan ṣoṣo ló gbà á lọ́wọ́ ìgbàgbé. Bí ayé bá kó òkìtì lé ọ lórí, ọmọ mi, kí ibì kan lára rẹ yọ síta. Kí ẹni tó mọ iyì kọjá níbẹ̀ lọ́jọ́ náà. Kí ojú rẹ̀ bọ́ sí i. Kó má rẹ̀ ẹ́ láti kó òkìtì. Àṣẹ, àṣẹ, àṣẹ.

Títù tí ẹ ó bá nínú ọbẹ̀ lọ́sàn-án yìí, ẹ wo ìdí ìrù rẹ̀ kí ẹ tó jẹ ẹ́: lẹbẹ wẹ́wẹ́ márùn-ún lókè, márùn-ún nísàlẹ̀. Kí ire rẹ tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́ bẹ́ẹ̀. Ẹja kan sì wà lójú òkun tí lẹbẹ àyà rẹ̀ gùn bí ìyẹ́; ní 2008, wọ́n ya fídíò ọ̀kan lẹ́bàá Japan tó fi ìṣẹ́jú àáyá 45 rà bàbà lójú afẹ́fẹ́ kó tó padà sómi. Bí apanijẹ bá lé ọ dé ojú omi, kí afẹ́fẹ́ gbà ọ́. Àṣẹ.

Ẹ jẹ́ kí n fi ti àkurákudà kún un. Ó dùn mí, n kò lè fò ó. Àkurákudà kò ní àpò afẹ́fẹ́ nínú tí í gbé ẹja fó. Lílọ tó ń lọ, tí omi ń gba abẹ́ lẹbẹ àyà rẹ̀ kọjá, ló ń ràn án lọ́wọ́ tí kì í fi í rì. Nítorí ọbẹ̀ olówó ńlá, àwọn kan a máa gé gbogbo lẹbẹ rẹ̀, wọ́n á sì ju ara tó kù sómi láàyè. Yóò máa rì lọ sísàlẹ̀, kò ní lè wẹ̀ mọ́, títí ẹ̀mí yóò fi bọ́. Láti ọdún 2013, òfin ilẹ̀ Yúróòpù ti ní ọkọ̀ apẹja kò gbọdọ̀ gé lẹbẹ rẹ̀ lójú agbami. Kí wọ́n mú un dé èbúté pẹ̀lú lẹbẹ lára ni. Kí òfin bẹ́ẹ̀ kárí òkun. Kí Ọlọ́run má fi ọ́ lé ẹni tó ń wá kìkì ohun tó wúlò fún un lára rẹ, tí yóò gé e, tí yóò sì jù ọ́ nù. Kí ìwọ náà má ṣe bẹ́ẹ̀ sí ẹ̀dá kankan. Àṣẹ.

Ṣùgbọ́n ẹja wẹ́wẹ́ abilà kan wà tó wá láti àwọn odò Íńdíà, tí àwọn onímọ̀ ń sìn nínú gíláàsì. Bí wọ́n bá gé etí lẹbẹ rẹ̀, kí nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì tó kọjá, ó ti hù padà, pẹ̀lú egungun rẹ̀, pẹ̀lú ilà rẹ̀. Ohun tí ayé bá bù jẹ lára rẹ, ọmọ mi, kó hù padà. Kó hù padà pẹ̀lú ilà rẹ̀. Àṣẹ.

Ìyá ọmọ, gbé e súnmọ́ abọ́. Ẹ fi ìka rẹ̀ kan omi. Ẹ rọra, ẹ má jẹ́ kó kan ẹ̀gún. Ẹ ò rí i? Ẹja náà ti na lẹbẹ, ó ti dúró.

Ẹ gbé iyọ̀ wá.