Bí Àbọ̀ Ọ̀rọ̀ Akéwì Ṣe Ń Di Odidi

Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí. Bó bá dénú rẹ̀, a di odidi. Kì í ṣe nítorí ewì ni àwọn àgbà ṣe pa òwe yìí, ṣùgbọ́n n kò mọ ohun tó bá ewì mu jù ú lọ. Akéwì kì í sọ̀rọ̀ tán. Á sọ àbọ̀, á sì fi ìyókù sílẹ̀ fún etí tó gbọ́ ọ àti inú tó rò ó. Iṣẹ́ ẹni tó ń kọ ìpínrọ̀ ìtúpalẹ̀ lórí ewì ni pé kó fi ọ̀nà tí àbọ̀ náà gbà di odidi nínú tirẹ̀ han ẹlòmíràn ní gbangba. Kò tó kó sọ pé ó yé òun. Kó jẹ́ kí á rí bó ṣe yé e.

Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀pọ̀ ìpínrọ̀ ti ń kùnà. Akẹ́kọ̀ọ́ tó ń múra ìdánwò WAEC tàbí NECO ti há àfiwé tààrà, àfiwé ẹlẹ́lọ̀ọ́, ìfohunpènìyàn, àsọrégèé àti àwítúnwí sórí. Bó bá ti rí ewì báyìí, á bẹ̀rẹ̀ sí í kà wọ́n: akéwì lo èyí ní ìlà kẹta, ó lo tọ̀hún ní ìlà kẹwàá, ó sì mú kí ewì náà dùn létí. Mo mọyì làálàá tó ṣe kó tó mọ orúkọ wọn. Ṣùgbọ́n pípe ọnà èdè lórúkọ kò tíì di ìtúpalẹ̀. Àìmọye ewì ló ní àwítúnwí. Kí ni àwítúnwí inú èyí ń ṣe tí ti òmíràn kò ṣe?

Òwe òwe là ń lu àgídìgbo. Ọlọ́gbọ́n ní í jó o, ọ̀mọ̀ràn ní í mọ̀ ọ́n. Kí a tó jó, ó yẹ kí a ti gbọ́ ohun tí ìlù wí. I. A. Richards, olùkọ́ ní Yunifásítì Cambridge, pín ewì fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ láìkọ orúkọ akéwì sí i, ó ní kí wọ́n kọ èrò wọn wá. Ìwé tó kọ lórí ohun tí wọ́n kọ wá, Practical Criticism, jáde ní 1929. Nígbà tó ń to ìṣòro òǹkàwé lẹ́sẹẹsẹ, àìlóye ohun tí ewì wí ní pàtó ló fi ṣáájú. Àwọn tó mọ̀wé dáadáa ni o! Wọ́n ti ń dá ewì lẹ́jọ́ kí wọ́n tó gbọ́ ohun tó sọ.

Nítorí náà, ẹnu ni kí á kọ́kọ́ fi ka ewì kí á tó mú gègé, pàápàá ewì Yorùbá. Ọlátúndé Ọlátúnjí, nínú Features of Yorùbá Oral Poetry tó jáde ní 1984, jẹ́ kí á rí i bí ìlà ṣe lè dọ́gba pẹ̀lú ìlà, kí ohùn orí ọ̀rọ̀ inú wọn sì máa ta kora. Ojú nìkan kò lè rí èyí. Ẹni tó bá sì da ìlà ewì kọ láìfi àmì ohùn sí i ti ba ẹ̀rí ara rẹ̀ jẹ́.

Ní ilé-ìwé girama ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, lẹ́tà P, E, E ni wọ́n fi ń kọ́ ọmọ ní ètò ìpínrọ̀ yìí. Ní tiwa, èrò, ẹ̀rí àti àlàyé ni. Ètò náà dára, kò sì le. Àlàyé ló le. Ẹ jẹ́ kí á fi òwe kan dán an wò, nítorí òwe náà jẹ́ ewì kékeré: "Bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà." Ẹni tó kàn ń wá ọnà èdè yóò kọ ọ́ pé àwítúnwí àti gbólóhùn adọ́gba wà níbẹ̀, yóò sì dákẹ́. Èyí ni èmi ì bá kọ:

Òwe yìí fi ohun tí ènìyàn ń tijú ṣe òṣùwọ̀n àgbà. Apá kìíní kò bá ọmọdé jiyàn. Ó gbà pé ó lè láṣọ "bí àgbà". Apá kejì tún "bí àgbà" kan náà pè níparí, ṣùgbọ́n "kò lè" ti wọlé, "àkísà" sì ti gba ipò aṣọ. Nítorí pé ìparí apá méjèèjì bára mu, etí ń retí kí ọ̀rọ̀ inú wọn bára mu pẹ̀lú, àfi bí àkísà ṣe já lù ú. Ọmọdé lè ra aṣọ lónìí, kó sì pọ̀ ju ti àgbà lọ. Àkísà kò ṣeé rà bẹ́ẹ̀. Aṣọ tí a wọ̀ títí tó fi gbó ni í dà á. Ọdún tí ọmọdé kò tíì lò láyé ni òwe yìí ń kà, bẹ́ẹ̀ ni kò dárúkọ ọdún rárá.

Gbólóhùn àkọ́kọ́ níbẹ̀ ṣeé bá jiyàn, ohun tí mo sì fẹ́ nìyẹn. Bí òǹkọ̀wé bá ní "òwe yìí dá lórí ọmọdé àti àgbà", ta ni yóò bá a jiyàn? Kí ló wá kù láti fi ẹ̀rí gbè? Ẹ tún wo àyọlò inú rẹ̀: ọ̀rọ̀ méjì níhìn-ín, ọ̀rọ̀ kan lọ́hùn-ún, gbogbo wọn ló sì ń ṣiṣẹ́ nínú gbólóhùn tó gbà wọ́n. Mo máa ń yọ àyọlò kúrò nínú ìpínrọ̀ láti dán an wò. Bí àlàyé bá ṣì dúró láìsí wọn, a jẹ́ pé kì í ṣe ewì náà ni a ń ṣàlàyé.

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Bó ti rí pẹ̀lú oríkì nìyẹn. Karin Barber, tó gbé ní Òkukù tó sì kọ I Could Speak Until Tomorrow ní 1991, fi hàn pé ìtàn tí kò sí nínú oríkì ni ọ̀pọ̀ ìlà oríkì fara tì. Ẹni tó bá ń tú irú ìlà bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ lọ bi ẹni tó mọ ìtàn náà, kó sì kọ ọ́ sínú ìpínrọ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí. Àbá lásán kò gbọdọ̀ dúró nípò ìtàn. Bákan náà, "èmi" inú ewì lè má jẹ́ akéwì. Ìyàwó tó ń sun ẹkún ìyàwó ń sọ tinú rẹ̀, ó sì tún ń fi ọ̀rọ̀ tí àwọn ìyàwó ìṣáájú ti sọ sọ̀rọ̀.

Ìpínrọ̀ kan kì í tú ewì tán. Èyí tó tẹ̀lé e gbọ́dọ̀ gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ti ìṣáájú, kó má kàn bọ́ sórí ọnà èdè mìíràn nítorí pé òun ló kàn nínú ìwé. Lórí òwe àkísà yìí, ohun tó kàn ni ẹnu tó ń pa á. Àgbà ló sábà máa ń pa á fún ọmọdé, ẹ̀yìn àgbà tó ń pa á náà ló sì wà. Ṣé gbogbo àkísà ló jẹ́ ẹ̀rí ọgbọ́n? Àwọn kan wà tí wọ́n wọ aṣọ títí tó fi gbó, tí wọn kò kọ́gbọ́n kankan. Òwe náà kò yà síbẹ̀. "Kò lè" ló sọ, kò sọ pé "ó ṣòro". Òǹkọ̀wé tó bá fẹ́ mọ ìdí tí ọ̀rọ̀ méjì yẹn fi dájú tó bẹ́ẹ̀ ti rí ibi tí yóò ti bẹ̀rẹ̀ ìpínrọ̀ kejì.