Ta Ni Ó Di Kámẹ́rà Mú?

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ohun kékeré kan ni ó ṣí wa lójú sí ọ̀ràn ńlá. A ṣe ayẹyẹ kan ní Ìsọlọ̀, a sì fi kámẹ́rà lé ọmọkùnrin kan lọ́wọ́. Nígbà tí a wo àwòrán náà, a rí àwọn onílù, a rí àwọn àgbà nínú agbádá. Ṣùgbọ́n àwọn ìyá tí wọn kò sùn mọ́jú nídìí iná kò sí níbẹ̀. Ọmọ náà kò kórìíra wọn. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni kò mọ ọ̀nà ẹ̀yìnkùlé.

Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ti sinimá. Obìnrin pọ̀ níwájú kámẹ́rà, wọ́n kéré lẹ́yìn rẹ̀. Láti 1929 tí a ti ń fi ẹ̀bùn Oscar fún àwọn olùdarí sinimá ní Amẹ́ríkà, títí di 2025, obìnrin mẹ́ta péré ni ó gbà á. Kathryn Bigelow ni ẹni èkíní, ní 2010.

Ẹnìkan lè wí pé iṣẹ́ náà ju agbára obìnrin lọ. Kí olúwarẹ̀ dé ọjà Oṣòdì, nítòsí wa níhìn-ín. Yóò rí àwọn obìnrin tí ń ṣọ́ owó, tí ń rán ènìyàn níṣẹ́, tí wọ́n sì ń parí ìjà. Kí ni iṣẹ́ olùdarí bí kò ṣe èyí? Safi Faye ará Senegal ṣe é ní 1975, nínú Kaddu Beykat, sinimá àwọn àgbẹ̀ abúlé. Amaka Igwe, tí ó kú ní 2014, ṣe é nílẹ̀ wa. Ní 2023 Funke Akindele àti Adeoluwa Owu jọ darí A Tribe Called Judah, sinimá Nàìjíríà èkíní tí ó pa ju bílíọ̀nù kan náírà lọ ní àwọn ilé sinimá wa.

Ẹlòmíràn yóò wí pé, bí ìtàn bá ti dára, ta ni ó sọ ọ́ kò kàn wá. Lóòótọ́, ọkùnrin lè sọ ìtàn obìnrin láìparọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó di kámẹ́rà mú ni ó ń yan ohun tí a ó rí. Ohun tí kò bá wò, lójú àwọn tí ń bọ̀ lẹ́yìn, ó dà bí ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí. Nítorí náà kì í ṣe àánú ni a ń tọrọ fún obìnrin. Òtítọ́ ni ó ń béèrè àyè. Ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún, ni ọwọ́ fi ń mọ́.

Ó yẹ kí a jẹ́wọ́: àwa fúnra wa ni a yan ọmọkùnrin yẹn. Àwọn ọmọbìnrin wà níbẹ̀. Omi ni a ní kí wọ́n lọ pọn. Kí ayẹyẹ mìíràn tó dé, ẹ jẹ́ kí a kọ́ wọn bí a ti ń lo kámẹ́rà náà, kí a sì fi í lé wọn lọ́wọ́.