Okey Ló Kọ́kọ́ Gbà Á Síṣẹ́

Nígbà tí Charles Kejì padà sórí ìtẹ́ bàbá rẹ̀ ní 1660, ekukáká la fi lè rí olóṣèlú kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí kò yí ohùn padà. Ọ̀gágun Monck, tó ti jagun fún Cromwell, olórí tó ṣàkóso lẹ́yìn tí wọ́n pa ọba àkọ́kọ́, ló ṣílẹ̀kùn fún ọba. Samuel Pepys, tí inú rẹ̀ dùn nígbà ọmọ iléèwé pé wọ́n bẹ́ orí bàbá ọba náà, di òṣìṣẹ́ ọba. N ò bá wọn wí. Ogun abẹ́lé tó bẹ̀rẹ̀ ní 1642 ti tú ilé ká, Cromwell ti kú, àwọn ológun ń fa ìjọba mọ́ ara wọn lọ́wọ́, ará ìlú sì ń wá ẹni tí yóò jẹ́ kí wọ́n rí oorun sùn. Bí ìlù bá yí, ijó a yí. Ọmọlúàbí lè tún èrò ara rẹ̀ pa. Ohun tí kì í ṣe ni pé kó fi orí ẹni tó ṣe é lóore ra ipò tuntun, ohun tí George Downing sì ṣe gan-an nìyẹn.

Ọmọ ilé rere ni. Dublin ni wọ́n bí i sí, Massachusetts ló dàgbà sí. Lucy ìyá rẹ̀ jẹ́ àbúrò John Winthrop, gómìnà ibẹ̀. Ó wà lára àwọn mẹ́sàn-án tó kọ́kọ́ gboyè jáde ní Harvard ní 1642. Àmọ́ ẹ wo lẹ́tà tó kọ sí ìbátan rẹ̀ ní 1645, lẹ́yìn tó ti bá ọkọ̀ òkun dé West Indies gẹ́gẹ́ bí oníwàásù. Ó ń ròyìn Barbados. Ó ní wọ́n ti ra tó ẹgbẹ̀rún ènìyàn dúdú lọ́dún náà, àti pé bí wọ́n ṣe ń rà sí i ni agbára àtirà wọn ń pọ̀ sí i, torí láàárín ọdún kan àbọ̀, pẹ̀lú ìbùkún Ọlọ́run, ẹrú á ti pa iye tí wọ́n fi rà á wọlé. Oníwàásù ló kọ èyí o! Àwa tí wọ́n kó àwọn ènìyàn wa gba orí òkun kan náà kò lè kà á kọjá bẹ́ẹ̀.

Nígbà tó dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Ọ̀gágun John Okey ló gbà á síṣẹ́, ó fi í ṣe àlùfáà ẹgbẹ́ ọmọ ogun rẹ̀. Okey yìí ló ṣáájú àwọn ọmọ ogun tó yìnbọn láti ẹ̀yìn ọgbà igi ní ogun Naseby ní 1645. Ó fọwọ́ sí ìwé ikú Charles Kìíní, bàbá Charles Kejì, ní 1649. Nígbà tí Cromwell fúnra rẹ̀ wá ń ṣe bí ọba, Okey àti ọ̀gágun méjì mìíràn fọwọ́ sí ìwé ẹ̀hónú ní 1654. Bí wọ́n ṣe gba ẹgbẹ́ ọmọ ogun lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ẹ lè ní ẹ̀jẹ̀ ọba wà lọ́wọ́ rẹ̀, n ò ní jiyàn. Ṣùgbọ́n ohun tó sọ lójú ọba ló sọ lójú Cromwell. Downing ńkọ́? Ó di olórí àwọn alamí nínú ọmọ ogun Cromwell ní Scotland, ó wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, nígbà tó sì di 1657, ó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ń rọ Cromwell pé kó dé adé. Ọdún yẹn náà ni wọ́n rán an lọ sí The Hague gẹ́gẹ́ bí aṣojú ìjọba.

Bí ọba ṣe fẹ́ dé, Downing ránṣẹ́ sí i ní ìkọ̀kọ̀ pé New England tí wọ́n ti tọ́ òun ni òun ti mu èrò burúkú, pé ojú òun ti là wàyí. Ọba dárí jì í, ó sọ ọ́ di Sir. Ó dùn mí ju yíyí tó yí lọ pé ó di ẹ̀bi ru àwọn àgbà tó wò ó dàgbà, nígbà tí ìyá rẹ̀ ṣì wà láyé. Ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde: ìyá yìí kan náà kọ̀wé ráhùn pé owó táṣẹ́rẹ́ lọmọ òun ń fún òun, bẹ́ẹ̀ ló ń ra ilẹ̀ abúlé mìíràn kún ilẹ̀.

Ní 1662 ni ọ̀rọ̀ dójú ẹ̀. Okey àti John Barkstead, tóun náà fọwọ́ sí ìwé ikú ọba, ti sá fún ọba tuntun lọ sí Jámánì, wọ́n sì fẹ́ wá pàdé ìyàwó wọn ní Delft, ní Holland, níbi tí Downing ti tún jẹ́ aṣojú, ti ọba lọ́tẹ̀ yìí. Edmund Ludlow, ẹlẹgbẹ́ wọn tó sá lọ sí Switzerland, kọ ọ́ sílẹ̀ pé Okey kò dédé wá. Ó ní kí ọ̀rẹ́ kan bá òun bi Downing bóyá wọ́n pa á láṣẹ láti mú wọn. Downing ní rárá. Okey gba ọ̀rọ̀ àlùfáà rẹ̀ àtijọ́ gbọ́, ó wá. Ní alẹ́ ọjọ́ kan nínú oṣù Kẹta, Miles Corbet, ẹlẹgbẹ́ wọn mìíràn tó ń sá fún ọba, wá kí wọn. Downing ti fowó ra onílé tó gbà wọ́n, ó ti gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ ìjọba Holland, òun fúnra rẹ̀ ló sì kó àwọn tó dìhámọ́ra lọ síbẹ̀. Lẹ́tà tirẹ̀ ló ròyìn bó ṣe bá wọn: wọ́n jókòó ti iná, ìkòkò tábà lọ́wọ́, ife bíà lẹ́gbẹ̀ẹ́. Àwọn aláṣẹ Delft fẹ́ fà sẹ́yìn, Downing kò gbà, ó lé ọ̀rọ̀ náà títí wọ́n fi kó àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sínú ọkọ̀. Ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹrin, wọ́n yẹgi fún wọn ní Tyburn, wọ́n sì gé òkú wọn sí mẹ́rin-mẹ́rin.

Àwọn kan á ní òfin ló tẹ̀ lé. Bó bá jẹ́ òfin ni, kí ló dé tó purọ́ fún ìránṣẹ́ Okey? Ó lè dákẹ́. Ó lè ní kí ẹlòmíràn lọ mú wọn. Ó lè yọ́ ọ̀rọ̀ sọ pé kí ọ̀gá òun má wá.

Ọ̀jáfáfá ni, n ò ní fi ìbínú bo èyí mọ́lẹ̀. Òun ló wà nídìí òfin 1665 tó ní kí owó tí wọ́n bù fún ogun má bọ́ sídìí nǹkan mìíràn, kí wọ́n sì máa san owó àwọn tó yá ìjọba ní ẹlẹ́sẹẹsẹ, ẹni tó kọ́kọ́ dé ni kí wọ́n kọ́kọ́ san. Ìjọba tiwa náà ìbá jèrè bó bá ń tẹ̀ lé irú rẹ̀. A fún un ní ọpọlọ, a fún un ní iṣẹ́. Méjèèjì kò lè jókòó sípò ìwà. Pepys, tó ti ṣe akọ̀wé lábẹ́ rẹ̀, kọ sínú ìwé àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ rẹ̀ pé ohun tó ṣe wúlò fún ọba, àmọ́ kò sí bó ṣe lè ṣe é kí ẹ̀rí ọkàn má dá a lẹ́bi. Lọ́jọ́ díẹ̀ sí i, ó kọ ọ́ pé aláìmoore ni gbogbo ayé ń pè é. Ẹ rántí pé ọba náà ni Pepys ń sìn.

Okey sọ lábẹ́ igi pé ẹni tó ti jẹ́ àlùfáà òun rí ló lé òun dójú ikú, ó ní òun dárí jì í. Ọba ti kọ́kọ́ yọ̀ǹda òkú rẹ̀ fún ìyàwó rẹ̀, ṣùgbọ́n èrò tó wá sin ín pọ̀ débi tí ẹ̀rù ba ìjọba, wọ́n sì ní kí wọ́n lọ sin ín sínú Tower of London. Downing lówó, ó nílẹ̀, ó kọ́ àwọn ilé tí òpópónà olórí ìjọba Britain fi ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ dòní, ó sì kú lọ́lá ní 1684. Bí wọ́n bá ní kí n yan ẹni tí n ó fa ọmọ mi lé lọ́wọ́ nínú àwọn méjèèjì, ẹni tó fọwọ́ sí ikú ọba ni n ó yàn, n ò sì ní rò ó lẹ́ẹ̀mejì.