Ẹ̀wọ̀n Odùduwà àti Ìbéèrè Ọmọdé Kan

Ọ̀rọ̀ tí a gbé wá lọ́tẹ̀ yìí, ọmọdé ló dá a sílẹ̀.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, níbi tí a ti ń kọ́ àwọn ọmọ wa ní èdè Yorùbá ní Houston níbí, à ń sọ ìtàn bí Odùduwà ṣe fi ẹ̀wọ̀n rọ̀ láti òkè ọ̀run wá sí Ilé-Ifẹ̀. A ti dé ibi tí ó ti da iyẹ̀pẹ̀ sójú omi, tí adìyẹ ẹlẹ́sẹ̀ márùn-ún sì ń tan ilẹ̀ náà ká, nígbà tí ọmọkùnrin kan tí kò ju ọmọ ọdún mẹ́sàn-án lọ nawọ́ sókè. Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, kí ni wọ́n so ẹ̀wọ̀n náà mọ́ lókè?"

Ẹ̀rín pa àwọn òbí tó wà níjókòó. Ọ̀kan nínú wa ní kí ọmọ náà fara balẹ̀, pé ìtàn lásán ni. Òmíràn fò dìde, ó ní kì í ṣe ìtàn lásán rárá, pé okùn tí àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ń wá kiri lónìí láti fi gòkè lọ sí òfurufú, àwọn baba ńlá wa ti lò ó kí aláwọ̀ funfun tó mọ irin í rọ. A pàtẹ́wọ́ fún un. Ọmọ náà jókòó. Kò sí ẹni tó dá a lóhùn nínú wa.

Láti ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ yìí ti ń jẹ wá lọ́kàn. Àwa la máa ń sọ pé ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, la fi dá Ilé-Ifẹ̀. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ dá ọmọ náà lóhùn bó ṣe yẹ, ká tó wá bi ara wa léèrè irú ìdáhùn tó tọ́ kí àgbà fún ọmọdé nípa ohun tí àwọn baba rẹ̀ sọ.

Ìlú tí a wà yìí kọ́ ló yẹ kí irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ ti di ẹ̀rín. Bí àlejò bá ti ilé dé, a kì í pẹ́ mú wọn lọ sí Johnson Space Center, níbi tí rọ́kẹ́ẹ̀tì Saturn V kan dùbúlẹ̀ sí bí erin tó sùn. Irú rẹ̀ ló gbé ènìyàn lọ sí òṣùpá láti 1969 sí 1972. Gígùn rẹ̀ tó mítà 111. Bí wọ́n bá rọ epo kún un, ìwúwo rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó tọ́ọ̀nù 3,000, ṣùgbọ́n ẹrù tó lè jù síhà òṣùpá kò ju bíi tọ́ọ̀nù 45 lọ. Gbogbo ìyókù, epo ni, àti àgbá tí epo wà nínú rẹ̀. Ńṣe ló dà bí ẹni tó fẹ́ ru àpò gàrí kan láti Ìbàdàn lọ sí Èkó, tó wá ra oúnjẹ tó lé ní ọgọ́ta àpò tí yóò máa jẹ lọ́nà, tó sì ní láti ru gbogbo rẹ̀ pọ̀.

Èyí ló mú kí àwọn kan máa ronú ọ̀nà mìíràn. Ní 1895, Konstantin Tsiolkovsky, olùkọ́ kan ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà, ro ti ilé gogoro kan tí orí rẹ̀ yóò kan òfurufú. Àmọ́ bí ilé bá ga tó bẹ́ẹ̀, ìwúwo rẹ̀ yóò tẹ ìdí rẹ̀ fọ́. Ní 1960 ni Yuri Artsutanov, ọmọ Rọ́ṣíà bákan náà, dojú èrò náà délẹ̀: ó ní kí wọ́n má kọ́ ọ láti ilẹ̀, kí wọ́n so ó rọ̀ láti òkè. Jerome Pearson, ará Amẹ́ríkà, tún ṣe ìṣirò rẹ̀ fúnra rẹ̀, ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1975. Space elevator ni wọ́n ń pè é lédè Gẹ̀ẹ́sì. Lójú tiwa, ó jọ ẹ̀wọ̀n ju ẹ̀rọ agbéniròkè inú ilé alájà púpọ̀ lọ, nítorí pé rírọ̀ ló ń rọ̀.

Kí ni wọn yóò so ó mọ́? Ìdáhùn rẹ̀ rèé, ọmọ wa: wọn kò ní so ó mọ́ nǹkan kan.

Gbogbo sátẹ́láìtì ló ń já bọ́, ṣùgbọ́n eré tí ó ń sá yí ayé po kì í jẹ́ kó balẹ̀. Èyí tó bá sún mọ́ ayé gbọ́dọ̀ sáré gidigidi. International Space Station, tí wọ́n ń darí láti Houston níbí, wà ní nǹkan bíi kìlómítà 400 sókè, ó sì ń yí ayé po láàárín nǹkan bí ìṣẹ́jú 90. Bí sátẹ́láìtì bá ṣe ń jìnnà sí i ni eré rẹ̀ ń dínkù. Bó bá dé kìlómítà 35,786 lókè ìlà agbedeméjì ayé, ọjọ́ kan ni yóò fi yí po, iye àkókò tí ayé fúnra rẹ̀ fi ń yí. Ni yóò bá dà bí ẹni pé ó dúró sójú kan. Ìdí nìyí tí àwo sátẹ́láìtì orí òrùlé wa fi ń kọjú sí ibì kan ṣoṣo lójú ọ̀run, tí a kì í yí i kiri.

Ibẹ̀ ni ẹ̀wọ̀n náà yóò ti bẹ̀rẹ̀. Bí wọ́n bá ti ń tú apá kan sílẹ̀ wá sọ́dọ̀ wa, bẹ́ẹ̀ ni wọn yóò máa tú apá kejì síta, pẹ̀lú ẹrù wíwúwo ní ìparí rẹ̀. Òòfà ilẹ̀ ń fa ti ìsàlẹ̀, yíyí ayé sì fẹ́ ju ti òkè nù, bí òkúta tí ọmọdé so mọ́ okùn tó ń fì yípo orí rẹ̀. Méjèèjì ń fa ara wọn, okùn náà sì le tantan láàárín wọn. Ilé-iṣẹ́ Obayashi ní ilẹ̀ Japan kéde ní 2012 pé àwọn ń gbèrò irú rẹ̀ kan tí yóò gùn tó kìlómítà 96,000, tí ọkọ̀ rẹ̀ yóò máa sáré kìlómítà 200 ní wákàtí kan. Ẹni tó bá wọ̀ ọ́ yóò lò ju ọ̀sẹ̀ kan lọ kó tó dé ibi tí sátẹ́láìtì ń dúró sí. Ẹ rántí pé láti Houston dé Èkó kò ju bíi kìlómítà 10,500 lọ.

Kò sí òfin ẹ̀dá kan tó ní kò lè rí bẹ́ẹ̀. Ibi tí wàhálà wà ni ohun tí a óò fi ṣe okùn náà. Okùn tó ń rọ̀ ní láti gbé ara rẹ̀ kó tó gbé ẹlòmíràn. Wáyà irin tó le jù lọ, bí a bá so ó rọ̀, ìwúwo ara rẹ̀ yóò já a kó tó gùn tó kìlómítà 100. A lè mú kó nípọn lókè ju ìsàlẹ̀ lọ, kí ibi tí ìnira pọ̀ sí lè ní agbára. A jókòó ṣe ìṣirò ìyẹn náà: bí ìdí okùn irin bẹ́ẹ̀ bá tín-ín-rín bí òwú ìránṣọ, ibi tó nípọn jù lókè yóò sanra ju gbogbo ayé yìí lọ. Ẹ̀wọ̀n inú ìtàn wa, irin kọ́ ló lè jẹ́.

Ìlú wa yìí ni ìrètí ti wá. Ní oṣù Sẹ̀tẹ́ńbà 1985, ní Rice University, Richard Smalley àti Robert Curl, pẹ̀lú Harold Kroto tó wá láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, rí i pé átọ́ọ̀mù kábọ́ọ̀nù 60 lè so pọ̀ di bọ́ọ̀lù kékeré kan. Wọ́n gba ẹ̀bùn Nobel nítorí rẹ̀ ní 1996. Kábọ́ọ̀nù yìí náà ló wà nínú èédú tí ìyá wa fi ń dáná. Ní 1991, Sumio Iijima ní Japan ṣàlàyé pé ó tún lè di ọ̀pá oníhò tíntìntín, èyí tí wọ́n ń pè ní nanotube, tó fúyẹ́ ju irin lọ, tó sì le jù ú lọ ní ọ̀pọ̀ ìlọ́po. Smalley ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún kó tó kú ní 2005. Bí a bá rí okùn tó le tó ẹyọ ọ̀pá bẹ́ẹ̀, ibi tó nípọn jù kò ní ju ìlọ́po díẹ̀ ìsàlẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn onímọ̀ ilẹ̀ Ṣáínà ṣe ẹyọ kan tó gùn tó bẹ́ẹ̀ tí ayé fi pariwo ní 2013, kò ju bí ààbọ̀ mítà lọ. Fọ́nrán tí wọ́n sì hun láti ara ọ̀pọ̀lọpọ̀ rẹ̀, títí kan èyí tí wọ́n ṣe ní Rice, kò sún mọ́ agbára ẹyọ kan ṣoṣo. Ààbọ̀ mítà, sí kìlómítà 96,000! Ẹ má sì gbàgbé pé àwọn sátẹ́láìtì tó ń sáré nísàlẹ̀ máa ń dá ìlà agbedeméjì ayé kọjá. Bó pẹ́ bó yá, ọ̀kan yóò ya lu okùn náà bí wọn kò bá ṣọ́ra. Lójú tiwa, àwa tí a ń ka ìwé yìí kò ní rí i. Bóyá àwọn ọmọ ọmọ wa.

Ní báyìí, ẹ jẹ́ ká padà sórí àtẹ́wọ́ tí a pa.

Ẹni tó ní àwọn baba wa ti lo ẹ̀wọ̀n náà kò ní èrò búburú. Ní ilẹ̀ àjèjì, gbogbo òbí ló ń wá ohun tí yóò fi gbé orí ọmọ rẹ̀ sókè. Ṣùgbọ́n ẹ wo ẹrù tí a dì lé ọmọ náà. Yóò lọ sọ ọ́ ní ilé ẹ̀kọ́. Olùkọ́ rẹ̀ yóò bi í pé kí ni wọ́n fi ṣe é, báwo ló ti gùn tó, ta ló rí i? Bó bá di ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, tó mọ ìṣirò náà fúnra rẹ̀, yóò mọ̀ pé a purọ́ fún òun, kò sì ní mọ ibi tí irọ́ náà parí sí. Ṣé oríkì tí a kọ́ ọ jẹ́ òótọ́? Ṣé orúkọ tí a sọ ọ́ ní ìtumọ̀ tí a ní ó ní? Ìgbéraga ọjọ́ kan lè gba gbogbo èyí lọ́wọ́ wa. Ẹni tó ní ìtàn lásán ni kò sì sàn jù ú lọ. Ohun tí òun sọ fún ọmọ ni pé kò sí nǹkan kan ní ilé baba rẹ̀ tó tó bi léèrè.

Kí ni ìtàn náà sọ gan-an? Wọn kì í sọ ọ́ bákan náà níbi gbogbo. Àwọn kan ní Ọbàtálá ló parí iṣẹ́ náà, kì í ṣe Odùduwà. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i: nínú gbogbo àwa tí a jókòó lọ́jọ́ náà, kò sí ẹni tó gbọ́ rí bí ẹ̀wọ̀n náà ti gùn tó, tàbí orúkọ alágbẹ̀dẹ tó rọ ọ́. Ohun tí gbogbo wa gbọ́ láti kékeré ni pé wọ́n kọ́kọ́ rán ẹnì kan, pé ó mu ẹmu lọ́nà, ó sùn lọ, ni iṣẹ́ bá bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Ta ni a lè fọkàn tán, ẹrù wo ni a gbé lé e lọ́wọ́, ta ni yóò sì ni ilẹ̀ tó bá balẹ̀ sí: ohun tí ìtàn náà ń bi wá nìyẹn, ìṣirò kò sì lè bá wa dáhùn rẹ̀.

Ìbéèrè ọ̀hún kò jìnnà sí wa rárá. Orí ìlà agbedeméjì ayé ni ìdí ẹ̀wọ̀n náà yóò wà, tàbí nítòsí rẹ̀. Bí ọkọ̀ ojú omi bá gbéra ní Èkó tó kọrí sí gúúsù, kò ní rìn ju bíi kìlómítà 700 lọ kó tó kan ìlà náà. Láti orí pèpéle San Marco lójú òkun Kẹ́ńyà, nítòsí Malindi, ni wọ́n ti ju sátẹ́láìtì kan sókè ní ọjọ́ 12 oṣù Disẹ́ńbà 1970, àyájọ́ òmìnira Kẹ́ńyà. Wọ́n sọ ọ́ ní Uhuru, tí í ṣe òmìnira ní èdè Swahili. Orúkọ ni ti Kẹ́ńyà. Pèpéle jẹ́ ti Ítálì, sátẹ́láìtì jẹ́ ti Amẹ́ríkà.

Ní 1976, àwọn orílẹ̀-èdè tí ìlà náà gba ilẹ̀ wọn kọjá pàdé ní Bogotá, ní Colombia. Kẹ́ńyà, Uganda, Congo àti Zaire ìgbà náà wà lára wọn. Wọ́n ní apá òfurufú tí sátẹ́láìtì ń dúró sí lókè ilẹ̀ àwọn, tàwọn ni. Àwọn alágbára kò gbà. Àdéhùn àgbáyé ti 1967 sọ pé kò sí orílẹ̀-èdè tó lè sọ òfurufú di tirẹ̀, nítorí náà ẹjọ́ wọn kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Síbẹ̀, a kò lè bá wọn wí. Nígbà tí Nàìjíríà fẹ́ ní sátẹ́láìtì, Rọ́ṣíà ló bá a gbé ọ̀kan lọ sókè ní 2003, Ṣáínà ní 2007. Bí ẹ̀wọ̀n bá wá balẹ̀ lọ́jọ́ kan sí òkun tó sún mọ́ wa, ṣé onílé ni a óò jẹ́ níbẹ̀ ni, tàbí aláàárù?

Ní Sátidé tó tẹ̀lé e, a gbé páálí wá fún àwọn ọmọ. A ní kí sẹ̀ǹtímítà kan dúró fún kìlómítà 1,000. Ayé di róbótó tí fífẹ̀ rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó sẹ̀ǹtímítà 13. Ibi tí àwọn arìnrìn-àjò òfurufú ń gbé kò jìnnà sí i ju mìlímítà mẹ́rin lọ, èyí sì yà wọ́n lẹ́nu ju ohun gbogbo lọ. Ọ̀kan ní òun yóò sọ̀ kalẹ̀ níbẹ̀. A ní bó bá sọ̀ kalẹ̀ níbẹ̀, yóò já bọ́ bíi máńgòrò ni, nítorí pé ẹ̀wọ̀n kì í sáré tó àwọn ará ibẹ̀. Ibi tí sátẹ́láìtì ń dúró sí wọ sẹ̀ǹtímítà 36. Páálí kan kò gba ìyókù, a ní láti lẹ òmíràn mọ́ ọn. Ọmọ tó béèrè ọ̀rọ̀ náà kọ́kọ́ fẹ́ fi ìdí ẹ̀wọ̀n rẹ̀ sí Houston. A fi hàn án pé a ti jìnnà jù sí àríwá. Ó wò ó títí, ó wá fi pẹ́ńsù rẹ̀ sójú omi nísàlẹ̀ Èkó, ó sì kọ orúkọ ara rẹ̀ síbẹ̀. Ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin bá ní, "Ta ló ní tìẹ ni òkun yẹn?" Ẹnu rẹ̀ ni wọ́n ṣì wà nígbà tí àwọn òbí wọn dé láti mú wọn lọ sílé.